Ìyá Ìparí ti Fi Wá Sílẹ̀ ní Ilé Ìwádìí Òpin Ìtàn

Sí àkọ́bí olóògbé àti gbogbo mọ̀lẹ́bí,

Ìbànújẹ́ ńlá ló bá wa jí ní àárọ̀ Ọjọ́bọ̀, nígbà tí màmá yín, tí gbogbo wa níbí ń pè ní Ìyá Ìparí, dágbére fáyé nínú yàrá kẹta ilé ìwádìí wa. Àdánù yìí kì í ṣe ti ẹbí nìkan. Àwa náà ń ṣọ̀fọ̀.

Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ni màmá fi sin ilé yìí. Kí wọ́n tó dé, ohun tí a mọ̀ kò ju pé ìtàn máa ń parun lọ. Àwọn ni wọ́n ń lọ láti ilé dé ilé, tí wọ́n ń jókòó ti àwọn arúgbó tí iyè wọn ti ń ra, tí wọ́n sì ń kọ ohun tó kọ́kọ́ jábọ́ nínú ìtàn kọ̀ọ̀kan sílẹ̀. Orúkọ ló máa ń kọ́kọ́ lọ, ọ̀nà tí wọ́n gbà á tẹ̀ lé e, òpin ìtàn á sì tẹ̀ lé ìyẹn. Ẹ̀rù ló máa ń kẹ́yìn. Gbogbo ẹni tó ń kọ́ ìmọ̀ yìí lónìí, orí iṣẹ́ màmá ló dúró lé. Àwọn náà ló ṣe òfin wa tó le jù: ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ rán ẹni tí a ń wò létí, ìbáà ṣe ọmọ rẹ̀.

Nígbà tí àìsàn ìgbàgbé wá kan àwọn fúnra wọn, kò sẹ́ni tó fipá mú wọn. Wọ́n tọwọ́ bọ̀wé pé kí a wo àwọn bí a ti ń wo àwọn yòókù. Ìtàn kan ṣoṣo ni wọ́n yàn fún wa, èyí tí ẹ̀yin mọ̀ jù: bí omíyalé ṣe ya wọlé lọ́sàn-án ọjọ́ kan, tí wọ́n tẹ́ yín, ọmọ oṣù kan, sínú bàsíà, tí wọ́n gbé yín rù, tí omi fi mù wọ́n dé ọrùn. Ọdún mẹ́ta la fi ń gbọ́ ọ ní gbogbo Ọjọ́rú. Orúkọ yín lọ ní oṣù karùn-ún.

A kò gbàgbé ohun tí ẹ fara dà. Lọ́jọ́ tí ẹ kígbe láti ẹnu ọ̀nà pé, "Màámi, èmi nìyí! Èmi ni mo wà nínú bàsíà!" ó di dandan kí a mú yín jáde, kí a sì gba káàdì ìwọlé lọ́wọ́ yín. Láti ìgbà náà, ọ̀sẹ̀ mọ́kànlá gbáko, àga onírin ọ̀dẹ̀dẹ̀ ni ẹ ń jókòó sí. Sùúrù yín ran ìmọ̀ lọ́wọ́ púpọ̀.

Ó yẹ kí a jẹ́wọ́ àléébù kan. Ní Ọjọ́rú tó ṣíwájú ikú wọn, wọ́n sọ ìtàn náà dé ibi tí omi ti dé ọrùn. Wọ́n wá di ọwọ́ akọ̀wé wa àgbà mú, ẹni tí ẹ mọ̀ sí Bàbá Aago. Wọ́n ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ṣé ọmọ náà yè é?"

Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó wo aago, kó kọ àkókò sílẹ̀. Ó ti ṣe bẹ́ẹ̀ fún ogójì èèyàn láìkùnà. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ náà, ó pa ẹ̀rọ agbohùnsílẹ̀. Nígbà tí a pè é jókòó, ó ní òun dá wọn lóhùn pé, "Ó yè, Mà. Ó ti dàgbà, ó ti bímọ. Ó wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn yẹn."

Bí iṣẹ́ ọdún mẹ́ta ṣe bàjẹ́ nìyẹn. A ti dá a dúró lẹ́nu iṣẹ́. A sì ń tọrọ àforíjì lọ́wọ́ yín, nítorí a mọ bí iṣẹ́ náà ṣe jẹ màmá lógún tó.

A ó fi orúkọ wọn pe yàrá kẹta. Aṣọ àti awò ojú wọn wà lọ́dọ̀ ẹ̀ṣọ́; ẹ lè wá gbà wọ́n kí aago mẹ́ta tó lù. Ohùn wọn tí a gbà sílẹ̀ kò lè kúrò lọ́dọ̀ wa.

Bàbá Aago bẹ̀ wá pé kí a má fi ìyókù pamọ́ fún yín. Ó ní màmá wo ilẹ̀kùn náà pẹ́, wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n sì bi òun pé, "Kí ló wá dé tí kò wọlé?" Ó ní òun dìde lọ ṣí ilẹ̀kùn náà, àmọ́ ó wà ní títì. Ọwọ́ mi ni kọ́kọ́rọ́ wà, mo sì wà nípàdé.

Kí Ọlọ́run Olùtùnú fi ọwọ́ ara Rẹ̀ nu omijé yín, kí Ó sì fún yín ní ọkàn tí yóò lè gbé e.

Tiyín nínú ọ̀fọ̀,
Olùdarí Àgbà