Ìwé Tó Gorí Itan: Ìgbésí Ayé Bàbá Ó-Ti-Dé

Ọdún 1938 ni wọ́n bí bàbá wa, nínú yàrá tó wà lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù bàbá wọn tó jẹ́ télọ̀. Ìyá wọn ló ń rán bọ́tìnnì sí gbogbo aṣọ tí bàbá wọn bá rán. Ọmọ méjì péré ni wọ́n bí: Ẹ̀gbọ́n, tó di bíríkìlà, àti bàbá wa, tó parí ilé ẹ̀kọ́ girama lọ́dún 1957.

Ní 1959, Bàbá di akódà kóòtù, ẹni tó ń mú ìwé ilé ẹjọ́ lọ fún àwọn tí ọ̀rọ̀ kàn. Ọdún márùndínlógójì ni wọ́n fi ṣe é, wọn kò ju ìwé kankan sẹ́nu ọ̀nà rí. Bí wọ́n bá ti fún ènìyàn tán, wọ́n á tẹ́ríba, wọ́n á ní, “Ó ti dé o.” Lọ́jọ́ ìgbéyàwó wọn ní 1963, bí òrùka ṣe wọ ìyá wa lọ́wọ́, gbogbo ìjọ ló pariwo, “Ó ti dé o!”

Ó yá, ẹ jẹ́ ká sọ èyí tí gbogbo yín ń retí! Ní 1971, Ẹ̀gbọ́n mọ ògiri dí ọ̀nà tóóró tí aládùúgbò wọn, ẹni tó ń rán bàtà, ń gbà ti ìyá rẹ̀ jáde lórí kẹ̀kẹ́ arọ. Ilé ẹjọ́ ní kí wọ́n wó o láàárín ọjọ́ méje. Ta ló mú ìwé náà lọ? Bàbá wa kúkú ni! Kíá ni Ẹ̀gbọ́n fi ọwọ́ méjèèjì pamọ́ sẹ́yìn, torí ó dá wọn lójú pé ìwé kóòtù tí kò bá kan ọwọ́ ènìyàn, kò tíì dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Bàbá lé wọn yí tábìlì po lẹ́ẹ̀mẹta. Nígbà tó rẹ Ẹ̀gbọ́n tí wọ́n jókòó, Bàbá rọra gbé ìwé lé wọn nítan: “Ẹ̀gbọ́n mi, ó ti dé o.”

Ọjọ́ méje pé, ògiri ṣì wà níbẹ̀ gbọnin. Ni wọ́n bá fẹ̀sùn kan Ẹ̀gbọ́n pé wọ́n tàpá sí àṣẹ ilé ẹjọ́. Ẹ̀gbọ́n búra pé ìwé kankan kò kan ọwọ́ àwọn. Ọ̀rọ̀ wá ku ẹnu Bàbá. Bí wọ́n bá sọ òótọ́, ẹ̀gbọ́n wọn kan ṣoṣo lè ṣẹ̀wọ̀n. Bí wọ́n bá purọ́, ìyá arúgbó orí kẹ̀kẹ́ yẹn á há mọ́lé. Láàárọ̀ ọjọ́ náà, ìyá wọn ti fi omijé bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n ṣáà ní àwọn ti gbàgbé.

“Olúwa mi, òótọ́ ni Ẹ̀gbọ́n mi sọ,” Bàbá ní. “Kò kan ọwọ́ wọn. Itan wọn ni mo gbé e lé.”

Gbogbo kóòtù bú sẹ́rìn-ín! Adájọ́ ní kí ògiri wó kí aago mẹ́rin tó lù, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ẹ̀wọ̀n ọgbọ̀n ọjọ́. Ẹ̀gbọ́n kò wo ojú Bàbá. Àmọ́ nígbà tí Ẹ̀gbọ́n máa fi délé, Bàbá ti bọ́ aṣọ iṣẹ́, wọ́n ti ń fi òòlù lu ògiri. Ẹ̀gbọ́n wò wọ́n títí, ẹ̀rín pa wọ́n, ni wọ́n bá mú òòlù tiwọn. Aago mẹ́rin ku ogún ìṣẹ́jú, kẹ̀kẹ́ ìyá arúgbó kọjá!

Bàbá fẹ̀yìntì ní 1994, wọ́n wá ń ṣọ́ ẹnu ọ̀nà ìjọ; ẹnikẹ́ni tó bá pẹ́ dé kò lè yọ́ wọlé mọ́ wọn lójú. Wọ́n fi ìyá wa sáyé lọ, pẹ̀lú ọmọ mẹ́rin, ọmọ-ọmọ mọ́kànlá, àti Ẹ̀gbọ́n, tó ti pé àádọ́rùn-ún ọdún. Ẹ̀gbọ́n ló pàṣẹ pé ọ̀nà tóóró yẹn ni pósí Bàbá gbọ́dọ̀ gbà kọjá lónìí. A ó sì tẹ̀ lé àṣẹ.

Bàbá, ìwé tiyín náà ti dé o. Ẹ kò fọwọ́ pamọ́. Ẹ sùn re.