“E Ku Oko Tuntun”

Àlàmísì, lẹ́yìn ìrun Mágàríbì

Inú ń bí mi gan-an.

Àwa olùkọ́ tá a ní mọ́tò níléèwé wa ní àṣà kan. Ẹni tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ ra tiẹ̀, a máa ń yọ́ fi kànìnkànìn àti ọṣẹ sínú rẹ̀, ká lè jọ rẹ́rìn-ín. Lánàá, ó kàn mí.

Ṣùgbọ́n olùkọ́ Yorùbá ló kọ ìwé tó wà lára ọṣẹ tèmi. Olùkọ́ Yorùbá o! Kò fi àmì ohùn tàbí àmì abẹ́ lẹ́tà kan ṣoṣo sí i: “E ku oko tuntun. E maa we e daadaa.”

Màmá tó bí olóògbé ọkọ mi ló bá mi kó ẹrù wọlé. Wọ́n ka ìwé náà. Ìgbà tó di ọ̀sán òní ni wọ́n ní, “Ìyá Sàlíù, o fẹ́ ọkọ, o wá fi pamọ́ fún èmi?”

Mo fà wọ́n lọ sídìí mọ́tò. “Ọkọ̀ ni, Màmá! Ọkọ̀!”

Wọ́n mí kanlẹ̀. “Mọ́tò lásán? Èmi tí mo ti ṣàdúà fún ọkùnrin náà!”

N ò tiẹ̀ mọ ẹni tí mò ń bínú sí mọ́. Mo mú bírò pupa kí n fàmì sí ìwé yẹn. Ọwọ́ mi dúró lórí “oko.”