Pátákó Tó Wà Lókè Orí Rẹ

Dúdú mi, ọmọ tí mo bí tí inú mi dùn sí,

Mo kí ọ títí, mo tún kí ọ. Mo kí àwọn tí ẹ jọ ń ṣiṣẹ́, mo kí onílé tí o ń gbé ilé rẹ̀, kódà bó bá ti fowó lé owó ilé, mo ṣì kí i. Ọlọ́run ò ní jẹ́ kí o fẹsẹ̀ kọ lọ́nà ibi iṣẹ́, iná ò ní jó ọ, epo ò ní dà sí ọ lára, ẹni tó bá sì fẹ́ ra epo kó sá lọ láìsanwó, ọkọ̀ rẹ̀ á kú sí ẹnu ọ̀nà yín gan-an. Àmín. Ìyá rẹ ní kí n bá òun kí ọ, mo ní mo ti kí ọ, ó ní kíkí tèmi kò dà bíi tòun, torí náà kí o ka ìkíni yìí lẹ́ẹ̀kejì, kí o fi ohùn ìyá rẹ kà á.

Àlàáfíà la wà. Ewúrẹ́ ti bímọ, òrùlé ilé ìdáná tó ń jò ti yí ibi tó ń jò padà, èjìká mi ọ̀tún sì ń dùn mí díẹ̀ torí àjẹ̀ ni mo fi ń wa ọkọ̀ ojú omi mi láti ìgbà tí epo ti gbówó lórí. Ẹ́ńjìnnì tí o rà fún mi wà nínú yàrá, mo fi aṣọ bò ó, ìyá rẹ ní ó dà bí àlejò tó ń sùn tí kò fẹ́ lọ mọ́. Kì í ṣe pé ó bàjẹ́ o. Owó epo tó ń mu lójúmọ́ ló ti ju owó tí àwọn èrò ń san fún mi lọ, mi ò sì lè máa gbé èèyàn sọdá kí n tún máa fi owó ara mi sìn wọ́n délé.

Ọ̀rọ̀ pọ̀ nínú ìwé kọ́bọ̀, ṣùgbọ́n ohun tó jẹ́ kí n jókòó kọ èyí ni ohun tí o sọ fún ìyá rẹ lórí fóònù, pé o ò ní lè wá sílé nínú ìsinmi yìí, pé owó ọkọ̀ ti wọ́n. Ìyá rẹ gbà ọ́ gbọ́. Èmi ò gbà ọ́ gbọ́ tán. Mo mọ̀ pé ẹnì kan ti sọ fún ọ pé wọ́n ń bú ọ nílé. Ẹni náà ni ìyá rẹ, ó ti jẹ́wọ́ fún mi. Torí náà jẹ́ kí n sọ bí ọ̀rọ̀ náà ṣe jẹ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, kí ọkàn rẹ lè balẹ̀ láti wá.

Fọ́tò ló dá a sílẹ̀. Èyí tí o fi ránṣẹ́ nígbà tí wọ́n gbà ọ́ síṣẹ́ nílé epo, tí o wọ aṣọ iṣẹ́, tí o di rọ́bà ẹ̀rọ epo mú, tí o ń rẹ́rìn-ín, tí pátákó ńlá tí wọ́n kọ iye owó epo sí sì wà lókè orí rẹ gẹ́lẹ́. Ta ni mi ò fi fọ́tò náà hàn? Mo fi ọ̀rá wé e kí omi má bàa kàn án, mo gbé e sínú ọkọ̀, gbogbo ẹni tó bá wọlé ló gbọ́dọ̀ wò ó kí a tó kúrò létí omi. Mo ń sọ fún wọn pé ọmọ mi ló ń mójú tó epo gbogbo ìlú ńlá náà, torí bí mo ṣe rò pé ó rí nìyẹn. Wọ́n ń kí mi kú oríire, wọ́n ń ṣe àdúrà fún ọ.

Nígbà tí epo wá gbówó lórí, tí kò dúró, tó tún gbówó lórí, wọ́n rántí fọ́tò. Télọ̀ tí a ń pè ní Gbogbo-ló-mọ̀ ló kọ́kọ́ là á mọ́lẹ̀ nínú ọkọ̀ mi, pé ṣebí ọmọ yìí ló dúró lábẹ́ pátákó náà, ta ló tún sún mọ́ ọn jù ú lọ tó lè gun àkàbà lọ yí iye owó padà? Gbogbo èrò wò mí. Mo ní ọmọ mi kì í gun àkàbà, láti kékeré ni òòyì ti ń kọ́ ọ bó bá wà lókè. Wọ́n ní àwọn gbọ́. Àmọ́ nígbà tí onígbàjámọ̀ fowó lé orí fífá, ó ní kí n lọ bi ọmọ mi. Oníbúrẹ́dì náà fowó lé búrẹ́dì, ó ní kí n lọ bi ọmọ mi. Ẹni tó ń gbẹ́ kànga, tó jẹ́ pé apá rẹ̀ àti ṣọ́bìrì ló fi ń ṣiṣẹ́, òun náà fowó lé e. Mo bi í pé ṣé kànga náà ń mu epo ni. Ó ní rárá, àmọ́ ẹni tó ń gbẹ́ ẹ ń jẹ búrẹ́dì, kí n lọ bi ọmọ mi.

Ìdí tí mo fi pè ọ́ lọ́jọ́ yẹn nìyẹn, tí mo bẹ̀ ọ́ pé bó bá jẹ́ ìwọ ni, kí o bá wa dín in kù díẹ̀, kó tiẹ̀ jẹ́ ọjọ́ ọjà nìkan. Ẹ̀rín ni o fi jẹ káàdì fóònù mi tán. Kó tó tán, o ní ìwọ kọ́, pé ọ̀nà jíjìn ni ọ̀rọ̀ náà ti wá, àwọn orílẹ̀-èdè kan ló ń jà lórí omi, ọkọ̀ tó ń kó epo ò rọ́nà kọjá, àti pé ọ̀gá rẹ gan-an, ńṣe ló ń jí láàárọ̀ tó ń bá iye tuntun nínú fóònù rẹ̀.

Mo gbé rédíò sétí, mi ò gbé e sílẹ̀ mọ́. Dúdú mi, ayé le. Wọ́n ní omi tóóró kan wà láàárín ilẹ̀ méjì, ibẹ̀ ni ọkọ̀ epo tó pọ̀ láyé ń gbà, àwọn tó ń jà sì ti dí i. Ìyẹn yé mi kíá, ọ̀rọ̀ omi ni, iṣẹ́ mi sì ni. Èyí tó kù ni kò fi bẹ́ẹ̀ yé mi. Wọ́n ní àgbá epo kan ti gbówó lórí, ní ọjọ́ kejì wọ́n ní ó tún ti lọ sókè sí i. Ìyá rẹ kò dúró gbọ́ ìparí, ó yí àgbá méjèèjì tí a fi ń gbe omi òjò wọ yàrá kí olè má bàa gbé wọn, láti ọjọ́ náà ni mo ti ń fẹ̀gbẹ́ rìn kí n tó dé orí ibùsùn mi. Wọ́n tún ní àwọn orílẹ̀-èdè ńlá ní epo kan tí wọ́n bò mọ́lẹ̀ de ọjọ́ ìṣòro, pé wọ́n fẹ́ wú díẹ̀ níbẹ̀. Ìyá rẹ bi mí pé ṣebí inú ilẹ̀ náà ni wọ́n ti wà á, kí ló dé tí wọ́n wà á jáde tí wọ́n tún lọ sin ín? Mo ní bóyá wọ́n rò pé ó máa hù.

Wọ́n tún ní àwọn kan búra pé àwọn ò ní ra epo lọ́wọ́ orílẹ̀-èdè kan báyìí torí pé ó ṣẹ̀ wọ́n, àmọ́ epo náà ń gba ọwọ́ ẹlòmíràn dé ọ̀dọ̀ wọn. Ìyẹn kò ṣàjèjì sí mi. Àbúrò mi obìnrin tó bá oníbúrẹ́dì jà, ṣebí ó búra pé búrẹ́dì rẹ̀ ò ní kan òun lẹ́nu mọ́ láyé? Aládùúgbò rẹ̀ ló ń bá a rà á. Búrẹ́dì kan náà ni, ẹ̀yìnkùlé ló kàn ń gbà wọlé, ó sì fi díẹ̀ wọ́n jù torí owó ìránṣẹ́. Àwọn olórí wọn tiẹ̀ ṣèpàdé, wọ́n bọ ara wọn lọ́wọ́, wọ́n ya fọ́tò, nígbà tó di ọjọ́ kejì epo tún gbówó lórí. Mo sọ fún ìyá rẹ pé fọ́tò ni kò dáa, ojú mi ti rí i rí.

Bí wọ́n bá lè bi ọlọ́kọ̀ léèrè, ọ̀rọ̀ náà kò le tó bẹ́ẹ̀. Níbi tóóró tiwa níbí, láàárín àpáta méjì, ọkọ̀ tó rẹrù ló ń kọ́kọ́ kọjá, èyí tó ṣófo á dúró, ẹni tó bá dúró la sì ń kí. Láti ayé bàbá mi, ẹnikẹ́ni ò jà níbẹ̀. Sọ ọ́ fún ọ̀gá rẹ, kí ó sọ ọ́ fún ọ̀gá tirẹ̀, kí wọ́n máa gbé e lọ bẹ́ẹ̀ títí tó máa fi dé ọ̀dọ̀ wọn. Mi ò gba owó ìmọ̀ràn.

Mo kó gbogbo èyí lọ sétí omi, mo rò ó fún wọn, mo ní ọmọ mi kọ́ o. Gbogbo-ló-mọ̀ rẹ́rìn-ín. Ó ní báwo ni ìjà àwọn tí kò mọ òun rí ṣe máa mú kí òwú ìránṣọ òun wọ́n, nígbà tí ẹnikẹ́ni ò fọwọ́ kan òwú náà? Ó ní kò sí bàbá tí kì í gbè sẹ́yìn ọmọ rẹ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí, Dúdú mi, ó dùn mí wọ egungun, torí mo rí i lójú wọn pé lọ́jọ́ tí o bá sọ̀ kalẹ̀ létí omi, ojú tí wọ́n máa fi wò ọ́ kò ní dáa. Ọmọ tí mo fi ń yangàn, èmi náà ni mo fọwọ́ ara mi fà lé wọn lọ́wọ́. Mo ní kò burú, ohun tí etí ò gbà, ojú á gbà á.

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, mo wa ọkọ̀ mi lọ sí ibi tóóró tiwa, mo fi í dábùú rẹ̀, mo so ó mọ́ àpáta ọ̀tún, mo so ó mọ́ tòsì, mo jókòó sínú rẹ̀, mo ṣí agboòrùn. Àwọn ọkọ̀ tó ń kó ìyẹ̀fun, iyọ̀ àti ọṣẹ bọ̀ láti ọjà dé, wọ́n ní kí ló ṣẹlẹ̀, mo ní ẹ jọ̀ọ́, ẹ fara balẹ̀, ẹ̀kọ́ ni mo ń kọ́ àwọn ará ilé mi. Wọ́n bú mi, mo fi ọ̀wọ̀ dá wọn lóhùn. Kí oòrùn tó kan àtàrí, mo gbọ́ pé oníbúrẹ́dì ti fowó lé búrẹ́dì. Mo gun àpáta, mo fẹsẹ̀ rìn lọ bá a. Mo ní ṣebí ìyẹ̀fun tó fi ṣe búrẹ́dì òní ti wà nílé rẹ̀ láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá, èmi ni mo gbé e sọdá? Ó ní bẹ́ẹ̀ ni, àmọ́ òun ò mọ ibi tí ti ọ̀la máa gbà wá. Inú mi dùn débi pé díẹ̀ ló kù kí n dì mọ́ ọn. Mo kó òun àti télọ̀ wá sétí omi, pẹ̀lú onígbàjámọ̀ tó ti gbọ́ ti búrẹ́dì tí òun náà sì ti fowó lé orí fífá. Mo ní ẹ wò ó o, ta ló fọwọ́ kan búrẹ́dì? Ta ló gun àkàbà? Ṣé ọmọ mi wà níbí ni? Omi ni a dí, ọjà ló gbóná, ohun tó bá ojú, ó bá imú. Gbogbo-ló-mọ̀ gan-an kàn ń fọwọ́ pa tépù ọrùn rẹ̀.

Ìgbà yẹn ni ẹnì kan ké láti òdìkejì. O mọ òfin ọkọ̀ wa, bàbá mi ló fi lé mi lọ́wọ́, mo sì ti kọ́ ọ kí o tó mọ ìwé kà, pé ẹni tó bá ké láti òdìkejì, a kì í fi í sílẹ̀, ì báà jẹ́ nínú òjò, ì báà jẹ́ ẹni tó bá wa jà lánàá. Mo tẹ́tí sí ohùn náà. Ìyá rẹ ni. Èmi náà ni mo gbé e lọ sọ́jà ní ìdájí kí n tó lọ dí omi, ẹ̀kọ́ tí mo fẹ́ kọ́ aráyé ló gbà mí lọ́kàn tí mo fi gbàgbé pé ìyàwó mi wà lódìkejì. Mo sáré padà sídìí ọkọ̀, okùn ti mu omi yó, kókó rẹ̀ ti le bí ekùrọ́. Mo tú u tú u, mo fi eyín tú u, kò tú. Àwọn ọlọ́kọ̀ ń bú mi lápá kan, ohùn ìyá rẹ ń bọ̀ lápá kejì. Mo fi ọ̀bẹ gé e. Ó wá yé mi pé ẹni tó bá dí omi, títú rẹ̀ kì í rọrùn fún òun alára, bóyá ohun tó ń ṣe àwọn tọ̀hún náà nìyẹn. Ìyá rẹ wọ ọkọ̀, ó kẹ̀yìn sí mi títí a fi gúnlẹ̀, kò sọ nǹkan kan, o sì mọ̀ pé ìyá rẹ kì í ṣe ẹni tí ọ̀rọ̀ ń wọ́n lẹ́nu rẹ̀.

Búrẹ́dì ò tíì padà sí iye tó wà. Mo sọ fún oníbúrẹ́dì pé omi ṣáà ti ṣí, ó ní owó mọ bí a ṣe ń gun òkè, sísọ̀ kalẹ̀ ni kò tètè mọ̀, ká ní sùúrù fún un. Àmọ́ orin ti yí padà. Ẹnikẹ́ni ò sọ pé kí n lọ bi ọmọ mi mọ́. Gbogbo-ló-mọ̀ fẹsẹ̀ ara rẹ̀ wá sílé, ó ní Bàbá, ọwọ́ ọmọ yín mọ́, ẹ̀yin gan-an ni ọ̀daràn. Adínà-omi ni wọ́n ń pè mí báyìí, tí nǹkan bá ti wọ́n, kódà kó jẹ́ abẹ́rẹ́, èmi ni wọ́n ń bú. Mo ń dá wọn lóhùn, mo ń rẹ́rìn-ín. Ẹ̀bi ti kúrò lórí rẹ, ó ti bọ́ sórí mi, orí mi sì ti gbó, ó gbà á. Ìyá rẹ ti ń bá mi sọ̀rọ̀. Ohun tó kọ́kọ́ sọ ni pé bí ọmọ òun bá lè wá, òun á yí àgbá kúrò nínú yàrá kí o lè ríbi sùn.

Jọ̀ọ́, fi owó okùn ránṣẹ́ sí mi. Ó ti wọ́n o. Ẹni tó ń tà á ní ara epo náà ni wọ́n ti ń rí ohun tí wọ́n fi ń ṣe é, mo ní irọ́ ni, rédíò ní òótọ́ ni. Má fi gba ọwọ́ obìnrin tó ń fi ẹ̀rọ kékeré san owó fún èèyàn mọ́, àánú rẹ̀ ń ṣe mí. Wọ́n ní owó tìẹ ni, àmọ́ ojú mi ló ṣe tó yọ ọ́ nínú àpò ara rẹ̀, ìgbà méjì ni mo ti gbé ẹja lọ fi dúpẹ́. Má fi owó epo ẹ́ńjìnnì kún un, fi ìyẹn wọ ọkọ̀ wá sílé. Bí o bá sì tún fẹ́ ya fọ́tò, bá mi jìnnà sí pátákó yẹn.

Ọlọ́run á ṣí gbogbo ibi tóóró tó wà níwájú rẹ. Ẹni tó bá dí ọ̀nà rẹ, okùn á já mọ́ ọn lọ́wọ́. O ò ní ru ẹ̀bi ohun tí o ò mọ̀. Àjò kì í dùn kí onílé má relé, torí náà wá. Bí o bá dé òdìkejì, má bèèrè iye tí epo jẹ́, àjẹ̀ kì í mu epo, èjìká mi sì ti mọ̀ ọ́n wà. Ṣáà ké.

Èmi bàbá rẹ, Adínà-omi. Mo ń tẹ́tí.