Mo Tún Kú Nínú Fíìmù

Bushrah ọmọ mi,

Mo kí ọ ní Họ́ńgárì lọ́hùn-ún, mo kí ọkọ rẹ àti àwọn ọmọ. Ìyá rẹ ń kí yín láti Bẹ́yẹrúnkà. Orúnkún rẹ̀ ti ń san díẹ̀díẹ̀. A ti fi páànù tuntun bo ilé ìdáná. Ẹ̀jẹ̀ ríru tèmi kò lọ sílẹ̀, ó sì rẹ̀ mí.

Mo tún kú nínú fíìmù lọ́sẹ̀ tó kọjá. Láti ìgbà tí mo ti ń ṣe tíátà ní Mápó, bàbá tó ń kú ni wọ́n máa ń ní kí n ṣe. Ẹni tó ṣe ọmọ mi pẹ́ dé ibi sàréè, olùdarí eré bá ní ká tún un ṣe. Wọ́n tún mi sin.

O ní o ń tọ́jú ìsinmi iṣẹ́ rẹ de ọjọ́ wàhálà. Mùsùlùmí ni wá o. Bí mo bá kú láàárọ̀, wọ́n á ti sin mí kí wọ́n tó kírun Alásárì. Kò sẹ́ni tó máa ní kí wọ́n tún un ṣe nítorí rẹ. Lo ìsinmi náà báyìí.

Ọlọ́run á ṣọ́ ọ débí. Bá mi ra ìbọ̀sẹ̀ tó nípọn bọ̀.

Èmi bàbá rẹ, tí mo ṣì wà láàyè,
Sàídì