Ta Ló Máa Kú Lọ́jọ́ Sọ́ńdè?

Teslim ọmọ mi,

Bí o ṣe jí lónìí ní Bàrígà, Ọlọ́run ò ní jẹ́ ká jí gbọ́ ìròyìn burúkú rẹ. Táwà àbúrò rẹ ló ń bá mi kọ lẹ́tà yìí, ó sì ń rẹ́rìn-ín, mi ò mọ ohun tó pa á lẹ́rìn-ín. A wà dáadáa. Orúnkún bàbá rẹ ti fúyẹ́ díẹ̀. Àgbò Iléyá ti dé, ó sì ti kan ilẹ̀kùn ilé ìdáná já.

Ohùn rẹ tí Táwà tẹ̀ sí mi létí nínú fóònù ni ò jẹ́ kí oúnjẹ lọ lọ́fun mi. O ní o ò wá sílé Iléyá, pé ìwọ àti Ezekiel tí ẹ jọ ń ṣiṣẹ́ ìtẹ̀wé ní Ṣómólú máa tilẹ̀kùn mọ́rí láti Jímọ̀ títí di Mọ́ńdè, ẹ máa wo fíìmù. Jímọ̀ ti ẹ̀rù, Sátidé ti ogun, Sọ́ńdè ti ẹkún, Mọ́ńdè ti ẹ̀rín. Háà, Teslim! Ta ló ń ti àárín ọ̀sẹ̀ ṣètò pé òun máa sunkún lọ́jọ́ Sọ́ńdè? Mo bi Táwà pé ta ló kú, ó ní àwọn inú fíìmù ni, pé wọn ò tíì kú, ó di Sọ́ńdè. Ṣé ẹ ti sọ fún àwọn ẹbí wọn? Ẹ mọ̀ pé ẹnì kan máa kú, ẹ wá jókòó ti gúgúrú! Ó tún ní o ti ra dátà púpọ̀ sílẹ̀. Mo ní ṣé ó ṣeé fi jẹ ẹ̀bà, ló bá tún bú sẹ́rìn-ín.

Bàbá rẹ ò tíì gbọ́ o. Lánàá, Ràmọ́nì ará ilé kejì ní òun á wá bá a di ẹsẹ̀ àgbò mú tó bá fẹ́ dú u. Bàbá rẹ ní rárá, àgbò òun ní ẹni tó ń di ẹsẹ̀ ẹ̀ mú lọ́dọọdún, ẹni náà ń bọ̀. Mi ò lè lanu sọ fún un. Ó dùn mí gan-an.

Tó bá jẹ́ ìran lò ń wá, ó wà nílé. Wá wo ojú àgbò yìí, ẹ̀rù á bà ọ́. Ti ogun, àwọn àbúrò bàbá rẹ obìnrin máa jà á nígbà tí wọ́n bá ń pín ẹran. Mú Ezekiel dání, ẹran Iléyá kì í bèèrè ìsìn lọ́wọ́ ẹni. Fi owó díẹ̀ ránṣẹ́ ká fi ra ata àti òróró, kí o sì bu dátà náà wá, bàbá rẹ lè fẹ́ tọ́ ọ wò.

Ọlọ́run á gbé ọ wálé láyọ̀, àwọn ọmọ tìrẹ náà á máa wá ọ wá. Ẹ̀rín ni ti ọjọ́ tí o bá wọlé. Ẹkún, fi ìyẹn sílẹ̀ fún mi, ọjọ́ tí o bá ń padà lọ ni mo máa ń sun ún.

Èmi ni, ìyá rẹ.