Ìwé Egungun Tó O Fi Pamọ́

Dókítà,

Má tíì jókòó. Mo sáré wálé wá bọ́ bùláòsì tí ẹ̀jẹ̀ ti bà jẹ́ ni, mo ti ń padà sí ọsibítù.

Ìwé egungun ara èèyàn kan ṣoṣo tí ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ ìṣègùn ní nílé ìkàwé tí mò ń bójú tó, tó o lọ fi pamọ́ sáàárín ìwé iṣẹ́ àgbẹ̀ kí àwọn ẹgbẹ́ ẹ má bàa rí i kà ṣáájú ìdánwò, mo ní kó o dá a padà lánàá, o ní mo fẹ́ràn wàhálà. Wàhálà ti dé. Gìrìpá kíláàsì yín wá béèrè rẹ̀ lọ́wọ́ mi láàárọ̀ yìí. Mo ní kó dúró, mo lọ yọ ọ́. Kí n tó dé, ó ti pe Onígíláàsì ọ̀rẹ́ ẹ lólè, torí òun ló yá a kẹ́yìn, ó sì ti la àga irin mọ́ ọn lójú. Gíláàsì fọ́ wọ ẹyinjú. Ó ṣì ń ta á nípàá níkùn nígbà tí mo dùbúlẹ̀ lé ọmọ ọlọ́mọ lórí.

Ìwé náà ni mo fi tẹ bébà yìí mọ́lẹ̀. Má nu ẹ̀jẹ̀ ara ẹ̀. Gbé e wá sí ọsibítù báyìí, kó o fọwọ́ ara ẹ gbé e fún ìyá ọmọ náà. Bí mi ò bá rí ẹ kílẹ̀ tó ṣú, èmi ni màá mú ọlọ́pàá wálé. Kò ní sí ti ọmọ ìyá ńbẹ̀.

Ojú kan tó kù fún Onígíláàsì ló fi ń wo ẹnu ọ̀nà. Ìwọ ló ń retí. Ó ní o mọ̀ pé òun kì í jalè, pé o máa wá jẹ́rìí gbe òun.