Ọwọ́ Kì Í Ṣe Ohun Ìwọ̀n

Bàbá mi, tó ní etí òkú kì í gbọ́rọ̀,

Mo mọ ohun tí ẹ máa sọ sí lẹ́tà yìí. Ẹ máa béèrè ẹni tí mò ń kọ ọ́ sí, nígbà tó jẹ́ pé ẹni tó kú ti kú, tí ẹnikẹ́ni kò sì tíì ti ibẹ̀ dé wá jẹ́rìí. Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ pé kí ẹnikẹ́ni má gbàdúrà níbi ìsìnkú yín, kí ẹnikẹ́ni má sì dúró síwájú pósí máa bá yín sọ̀rọ̀. A gbọ́ràn. Ẹ̀gbọ́n yín wá láti Èkìtì, ó jókòó títí, ó sì gbé ọ̀rọ̀ tó wà lẹ́nu rẹ̀ padà sílé. Èmi ò lè gbé tèmi mọ́. Inú ń bí mi sí yín, ó sì ti pẹ́.

Ìyàwó Délé bímọ. Ọkùnrin ni, ó pé ọjọ́ mẹ́jọ lónìí. Ní ọjọ́ kẹta, Délé pè mí sí ṣọ́ọ̀bù télọ̀ rẹ̀ ní Jenta Adamu, níhìn-ín ní Jos, ó fi ṣọ́ọ̀kì kọ orúkọ tó fẹ́ sọ ọmọ náà sára aṣọ dúdú kan: Babátúndé. Ó ń rẹ́rìn-ín. Mo ti ń fi ọ̀rọ̀ kan pamọ́ fún àbúrò mi láti ìgbà tí mo wà ní sẹ́kọ́ńdìrì, mo sì mọ̀ pé bí n kò bá sọ ọ́ kí wọ́n tó sọmọ lórúkọ, n kò tún ní lè sọ ọ́ láéláé. Yóò máa pe orúkọ yín lójoojúmọ́ láìmọ ohun tí ẹ ṣe fún un.

Ẹ̀kọ́ yín ló fà á. Ẹ̀kọ́ Àrídájú lẹ̀ ń pè é. Pọ́sítífísìmù ni wọ́n kọ sẹ́yìn ìwé yín. Nínú ilé wa ní Hwolshe, a mọ̀ ọ́n bí ilé ẹlòmíràn ṣe mọ katikísìmù. Ará Faransé kan ló dá a sílẹ̀, ní ìgbà tí ìlú wọn dàrú lẹ́yìn tí wọ́n ti pa ọba wọn. Ó ní ọpọlọ aráyé ń dàgbà bí ọmọ. Nígbà èwe rẹ̀, bí àrá bá sán, á ní òrìṣà ló ń bínú. Bó bá bàlágà, á ní agbára kan tí a kò rí ni. Bó bá wá di àgbà, á gbé ohun ìwọ̀n jáde, á wọn èyí tójú rí, á sì pa ẹnu mọ́ lórí ìyókù. Bí Màmá bá ní ọkàn òun kò balẹ̀, ẹ ó béèrè lọ́wọ́ rẹ̀ bóyá ìpele kìíní ló wà tàbí ìkejì. Àwàdà lẹ pè é. N kò rí i kí Màmá rẹ́rìn-ín sí i rí.

Ẹ gé àsíá Bùràsíìlì jáde nínú ìwé ìròyìn, ẹ lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri pálọ̀, nítorí pé inú ẹ̀kọ́ ọkùnrin yẹn ni wọ́n ti mú ọ̀rọ̀ tí wọ́n kọ sí i láàárín: Ètò àti Ìlọsíwájú. Àwọn ọmọ àdúgbò rò pé nítorí bọ́ọ̀lù ni. Ẹ sọ fún wa bí àwọn ọ̀mọ̀wé kan ṣe kóra jọ ní ìlú Vienna nígbà tó yá, tí wọ́n ní ọ̀rọ̀ tí a kò bá lè yẹ̀ wò kì í tilẹ̀ ṣe irọ́, ariwo lásán ni. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan gbé ọ̀rọ̀ wọn dé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ó fi ṣe ìwé, ìwé náà sì dé ọwọ́ tíṣà ìtàn kan láti Èkìtì tí ìjọba gbé wá sí Jos. Ìròyìn ò tó àfojúbà, òwe yín nìyẹn. Ṣé ẹ rántí pé àwọn Yorùbá tó pa òwe yẹn náà ló ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà ó ju èje lọ?

Ẹ jẹ́ ká dé ibi tó ń dùn mí. Ọdún yẹn ni ìjọba ń kéde pé kí mọ́tò fi ọwọ́ òsì sílẹ̀, kó máa gba ọwọ́ ọ̀tún. Ọyẹ́ ṣì ń fẹ́. Délé jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́fà, èmi jẹ́ mẹ́wàá. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan ó ní orí ń fọ́ òun, Màmá sì fi ẹ̀yìn ọwọ́ kàn án lọ́rùn.

“Tíṣà, ara ọmọ yìí ń jó. Ẹ jẹ́ ká gbé e lọ sí hòsípítù.”

Ẹ ní kó ní sùúrù. Ẹ gbé tẹmómítà jáde, èyí tí ẹ gbà láti yàrá sáyẹ́ǹsì ilé-ẹ̀kọ́ yín, tí ẹ fi ń wọn òtútù Jos ní àràárọ̀, tí ẹ sì ń kọ ọ́ sínú ìwé. Ẹ fi há a ní abíyá, ẹ ń wo aago ọwọ́. Nígbà tó tó, ẹ yọ ọ́, ẹ wá ń wá gíláàsì ojú yín. Orí rédíò ní pálọ̀ ló wà. Ẹ dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé tí atẹ́gùn ọyẹ́ ń gbà wọlé, ẹ kà á, ẹ ní ara rẹ̀ kò gbóná rárá. Màmá tún fọwọ́ kàn án, ó tún ní ó ń jó.

“Ọwọ́ kì í ṣe ohun ìwọ̀n,” lẹ wí, ẹ sì lọ síbi iṣẹ́.

Nígbà tí ilẹ̀ ọjọ́ kejì mọ́, Délé kò dáhùn mọ́ bí a bá pè é. Nọ́ọ̀sì tó gbà á lọ́wọ́ yín gbé orí rẹ̀ sókè, ọrùn rẹ̀ kò tẹ̀, ó sì kígbe mọ́ yín: “Haba, Malam! Tun yaushe?” Ó ń béèrè ìgbà tó ti bẹ̀rẹ̀. Sankarau ni, àìsàn ọrùn líle tó ń jà kiri ìlú lásìkò yẹn. Délé kò kú. Etí rẹ̀ méjèèjì ló lọ.

Gbogbo wa gbà pé àìsàn náà ló fi ara pamọ́. Màmá gbà pé ọwọ́ òun kò mọ nǹkan kan ní àárọ̀ ọjọ́ yẹn, pé ó kàn ṣe kòńgẹ́ òótọ́ ni. Títí di òní, bí ọmọ bá ń ké, ìyá Ìlọrin tó ń ta aṣọ nítòsí wa ni Màmá ń bẹ̀ pé kó bá òun fọwọ́ kàn án.

Mo wà ní kíláàsì kẹrin nígbà tí tíṣà kẹ́mísìrì wa, obìnrin ará Íńdíà kan, bínú sí ọmọbìnrin tó yọ tẹmómítà kúrò nínú omi gbígbóná kó tó kà á. Ó ní èyí tí nọ́ọ̀sì ń lò nìkan ló máa ń dúró síbi tó bá dé. Ti yàrá sáyẹ́ǹsì, bí a bá ti yọ ọ́ ló ń wálẹ̀. Mo ti tèmi bọ omi, mo yọ ọ́, mo gbé e lọ sí ẹ̀gbẹ́ fèrèsé. Ó wálẹ̀. Mo yẹ̀ ẹ́ wò lẹ́ẹ̀mẹta, bí ẹ ṣe kọ́ mi. Lẹ́yìn náà mo lọ sí ẹ̀yìn kíláàsì, mo sunkún.

Ṣé ẹ mọ̀, Bàbá? Ọ̀sẹ̀ tí Délé wọ hòsípítù ni àkọsílẹ̀ òtútù yín dúró. Ẹ dá tẹmómítà ilé-ẹ̀kọ́ padà, ẹ sì ra ti nọ́ọ̀sì ní kẹ́mísì. Kí ló dé tí ẹ fi rà á? Ẹ wá kọ orúkọ gbogbo nǹkan inú ilé sórí bébà pélébé, ẹ lẹ̀ wọ́n mọ́ àga, mọ́ ìkòkò, mọ́ ilẹ̀kùn, ẹ sì fi ń kọ́ Délé ní ìwé ní ìrọ̀lẹ́ títí ó fi mọ̀ ọ́n kà. Ìdí nìyẹn tó fi fẹ́ràn yín ju bí èmi ṣe fẹ́ràn yín lọ. Ṣé ìfẹ́ ni, àbí ẹ̀bẹ̀ tí ẹnu yín kò lè bẹ̀?

Nígbà tí mo dé yunifásítì, mo ka ìyókù ìtàn tí ẹ kò sọ fún wa. Wọ́n béèrè lọ́wọ́ àwọn ará Vienna yẹn bóyá a lè yẹ òfin tiwọn fúnra rẹ̀ wò, wọn kò sì rí ìdáhùn tó tẹ́ aráyé lọ́rùn. Ará Faransé yín ńkọ́? Obìnrin tó fẹ́ràn kú, ó sì ń kúnlẹ̀ síwájú àga tí obìnrin náà máa ń jókòó sí, ó ń bá a sọ̀rọ̀ lójoojúmọ́. Ó dá ẹ̀sìn sílẹ̀, ó fi ara rẹ̀ jẹ olórí àlùfáà. Mo fi ìkà rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ yẹn. Ó wù mí kí n ka ojú ìwé náà sí yín létí, ẹ̀rù bà mí, n kò kà á. Lẹ́yìn náà ẹ kú.

Lánàá mo lọ sí Jenta Adamu, mo sì kọ gbogbo rẹ̀ fún Délé sínú ìwé tó fi ń kọ ìwọ̀n aṣọ àwọn oníbàárà. Ó kà á, ó tún un kà. Ó padà sídìí máṣíìnì, ó ran apá aṣọ kan tán. Ó wá gbójú sókè, ó fi ohùn ara rẹ̀ béèrè, ohùn tí kì í fẹ́ lò lójú ẹnikẹ́ni: “Bàbá mọ̀?” Mo mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni, nítorí ó dá mi lójú. Kò sunkún. Ó ní kí n máa lọ sílé.

Ní òwúrọ̀ yìí, àwọn ènìyàn pé, Màmá wà níbẹ̀, èmi sì ń retí orúkọ mìíràn. Délé gba ọmọ lọ́wọ́ ìyàwó rẹ̀, ó dìde, ó sì fi ẹnu ara rẹ̀ pè é sókè, níwájú gbogbo ayé: Babátúndé. Inú bí mi débi pé mo fà á láṣọ, mo sì fọwọ́ béèrè ìdí. Ó kọ èsì rẹ̀ fún mi, mo dà á kọ síhìn-ín bó ṣe rí:

“Kó padà wá. Èmi ni bàbá rẹ̀ báyìí. Bí ara rẹ̀ bá gbóná, n kò ní lọ síbi iṣẹ́.”

Èmi ni ọmọ yín, tí kò tíì dárí jì yín, tó sì ń ṣàárò yín.